Tábìlì Tó Funfun

Tábìlì oníbàárà kan ni káfíńtà ń kùn ní pọ́líṣì láàárọ̀ ọjọ́ náà, kó tó múra lọ sílé ẹjọ́ láti ṣe onídùúró fún àbúrò rẹ̀. Ó da èérún pọ́líṣì sínú ike, ó bu sípírítì lé e láti inú kẹ́ẹ̀gì, ó rò ó pọ̀. Kàkà kó yọ́, ńṣe ló dì kókókókó. Ibi tó sì ti fi kun tábìlì di funfun bí ojúgun tí kò rí òróró.

Ó ti lé lógún ọdún tó ti ń ṣiṣẹ́ igi. Ó mọ̀ pé omi ní í ba pọ́líṣì jẹ́ bẹ́ẹ̀, sípírítì tirẹ̀ kò sì lómi. Ó yí kẹ́ẹ̀gì náà wò. Gbogbo kẹ́ẹ̀gì ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ló máa ń fi ayùn fa ìlà sí létí ìdérí. Eléyìí kò nílà. Ó gbóòórùn rẹ̀: ọtí ni. Ó tẹ̀ ẹ́ síwá sẹ́yìn, lẹ́búlẹ́bú funfun rú sókè láti ìsàlẹ̀. Ó bá jókòó lórí pákó.

Pẹ̀lẹ́ńgẹ́, àbúrò rẹ̀ yìí, ni wọ́n fẹ̀sùn kàn pé ó ń lọ oògùn oorun sínú ọtí tó ń tà, kí ọtí náà lè tètè máa pa àwọn tó bá mu ún. Èèyàn mẹ́ta ló dèrò ilé ìwòsàn. Ẹnì kẹta ò tíì lè sọ̀rọ̀ geere. Ọlọ́pàá tú ilé Pẹ̀lẹ́ńgẹ́ títí, ìgò òfìfo ni wọ́n rí; wọn ò yẹ ṣọ́ọ̀bù ẹ̀gbọ́n rẹ̀ wò. Ìdí nìyí tí adájọ́ fi sọ nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ bẹ̀bẹ̀ fún béèlì pé, "Níbo ni ìyókù ọtí wà? Bí mo bá fi ọkùnrin yìí sílẹ̀ tó lọ tà á ńkọ́?"

Màmá wọn yọjú. "O ò tíì wẹ̀? Kí ló ṣe tábìlì yẹn?"

"Ọtí ni, Màmá."

Ìyá wo kẹ́ẹ̀gì, ó wo ọmọ, gbogbo rẹ̀ yé e. "Dà á sí gọ́tà. Ta ló rí ọ?"

"Ẹni tó gbé epo lájà kò jalè tó ẹni tó gbà á sílẹ̀, Màmá."

"Má pòwe fún mi, èmi ni mo kọ́ ọ. Àbúrò rẹ ni o."

Káfíńtà wẹ̀, ó wọṣọ, ó gbé kẹ́ẹ̀gì náà léjìká. Ẹ̀ṣọ́ ẹnu ọ̀nà ilé ẹjọ́ rẹ́rìn-ín. "Bàbá, ọtí lẹ gbé wá fún adájọ́?"

"Òun gan-an ni."

Nígbà tí wọ́n pe onídùúró, adájọ́ bi í bóyá yóò lè máa mú àbúrò rẹ̀ wá sílé ẹjọ́ nígbàkúùgbà.

"Mo lè ṣe é, Olúwa mi. Àmọ́ ọtí yìí ni mo kọ́kọ́ mú wá, ṣọ́ọ̀bù mi ni mo ti rí i láàárọ̀ yìí." Ó gbé kẹ́ẹ̀gì kalẹ̀. Nínú àpótí olùjẹ́jọ́, Pẹ̀lẹ́ńgẹ́ sorí kọ́.

Agbẹjọ́rò ìjọba dìde. "Olúwa mi, onídùúró gan-an lọ́wọ́ sí i."

"Ẹni tó lọ́wọ́ sí i á gbé e gba ẹnu ọ̀nà iwájú wọlé?" Adájọ́ yíjú sí káfíńtà. "Báwo lo ṣe mọ̀ pé kì í ṣe tìrẹ?"

"Tábìlì ló sọ fún mi." Ó ṣàlàyé pọ́líṣì, omi àti ìlà ayùn. Àwọn kan rẹ́rìn-ín. Adájọ́ ń kọ ọ́ sílẹ̀.

Nígbà tó yá, ó ní, "Béèlì kì í ṣe ìdáláre. Ọtí tó wà níta ló ń bà mí lẹ́rù, ó sì ti wọlé. Ẹ gbé e lọ fún àyẹ̀wò. Bó bá dọjọ́ ìgbẹ́jọ́, ọtí yìí náà á sọ tẹnu rẹ̀. Mo fún olùjẹ́jọ́ ní béèlì. Ọ̀dọ̀ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ni kó máa gbé, kò sì gbọdọ̀ fọwọ́ kan ọtí títà."

Bí wọ́n ṣe ń sún mọ́ ilé, Pẹ̀lẹ́ńgẹ́ ní, "Bọ̀ọ̀dá mi, ẹ tà mí."

"Mo tà ọ́, mo sì tún rà ọ́ padà."

Ní ṣọ́ọ̀bù, káfíńtà na sáńpépà sí i. "Ha funfun yẹn kúrò. Oníbàárà ń bọ̀ lọ́la."

Pẹ̀lẹ́ńgẹ́ gbà á, ó dúró sójú kan. "Ẹnì kẹta yẹn, ṣé ó ti ń sọ̀rọ̀?"

"Díẹ̀díẹ̀. Wọ́n ní omi ló ń béèrè ṣáá."

Pẹ̀lẹ́ńgẹ́ tẹ̀ mọ́ tábìlì, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ha á. Kò gbójú sókè títí ilẹ̀ fi ń ṣú.