Theophilus àti Ẹkùn Méjìlá Ilẹ̀ Finland

Ní ilé Àìná ní Broughton, lẹ́bàá Manchester ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, èèyàn kò lè fọ abọ́ méjì tán kó má gbọ́ orúkọ ìlú kan ní Finland. Theophilus ọkọ rẹ̀ ló fà á. Tíṣà jọ́gíráfì ni, ọmọ Èkìtì, ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ tó máa ń wọ súwẹ́tà lé súwẹ́tà. Láti ọdún 1982 ló ti ń kọ ìwé kan ṣoṣo. Ìwé náà ń sọ bí àwọn ará Finland ṣe pín ilẹ̀ wọn sí ẹkùn-ẹkùn, tí ẹkùn kọ̀ọ̀kan ní gómìnà tirẹ̀, láti ọdún 1634 tí ọba Sweden ṣì ń pàṣẹ lé wọn lórí, títí dé ìgbà tí wọ́n pé méjìlá.

Bí àlejò bá bi í pé kí ló pa ọmọ Èkìtì pọ̀ mọ́ Finland, á yọ gíláàsì ojú rẹ̀.

“Ní 1976, Ìbàdàn ni mo ti ń ṣiṣẹ́ ìjọba,” bẹ́ẹ̀ ni yóò ṣe bẹ̀rẹ̀. “Wọ́n pín Western State sí mẹ́ta. Láàárọ̀ ọjọ́ kan báyìí, wọ́n lẹ orúkọ wa mọ́ ògiri, wọ́n ní kí ọmọ ìpínlẹ̀ Oǹdó, àti àwa ará Èkìtì tí wọ́n kà mọ́ ọn, máa lọ sí Oǹdó. Ìlú tí mo ti gbéyàwó, tí mo ti bímọ, ibẹ̀ ni mo ti di àlejò kí n tó mu tíì. Nígbà tí mo dé Manchester, mo rí máàpù Finland ní láíbìrì. Mo ní ẹ jẹ́ kí n wò ó bóyá àwọn ẹlòmíì mọ bí wọ́n ṣe ń pín ilẹ̀ láìpín ènìyàn.”

Nígbà tí wọ́n sì dá ìpínlẹ̀ Èkìtì sílẹ̀ ní 1996, ẹ̀rín ló fi rín. “Mo ti tún kó kúrò ní Oǹdó,” ló wí, “èmi tí n kò dìde lórí àga.”

Àìná kò kàwé kọjá kíláàsì kejì. Ohùn orin ni Ọlọ́run fi fún un. Ohun tí ọkọ rẹ̀ bá ń kà sókè, òun á sọ ọ́ di orin nídìí síńkì. Báyìí ló ṣe mọ ẹkùn méjìlá náà lórí:

*Uusimaa, ó yá, bọ́ síwájú,*
*Turku-òun-Pori ń tẹ̀ lé ọ,*
*Häme, Kymi, Mikkeli,*
*Kuopio bí Karelia, ó gbé e sílẹ̀,*
*Àárín-Finland jókòó sáàárín,*
*Vaasa ń wo òkun, Åland wà nínú omi,*
*Oulu bí Lapland sínú òtútù.*
*Ẹ bá mi kà wọ́n, kí ọ̀kan má sọnù.*

“Ìwọ tí o kò mọ ọ̀nà Bolton,” Theophilus á máa fi í ṣẹ̀fẹ̀, “o ti mọ ilé gómìnà Oulu.”

“Gómìnà Oulu kì í ṣe wàhálà bíi tiyín, Bàbá Bọ́lá.”

Ṣùgbọ́n ẹkùn àtijọ́ kan wà, tí kò sí lára méjìlá náà mọ́, tí Àìná kì í fi kọrin. Viipuri ni. Rọ́ṣíà gba èyí tó pọ̀ jù nínú rẹ̀ nígbà ogun, àwọn ará ibẹ̀ sì da màlúù wọn síwájú, wọ́n fi ilé sílẹ̀. Ọjọ́ tí Theophilus ka ìyẹn fún un, ó pa iná abẹ́ ọbẹ̀, ó jókòó, ó sunkún àwọn tí kò mọ̀ rí.

Ní 1988, ìyá Theophilus kú ní Èkìtì. Ẹnì kan fi fóònù túfọ̀ fún un tààrà, kò bá a dọ́gbọ́n sí i, kò pe ẹnikẹ́ni jókòó tì í. Orí àtẹ̀gùn ni Theophilus wà, ibẹ̀ ló ti ṣubú. Ìgbà náà ni dókítà mọ̀ pé ọkàn rẹ̀ kò lágbára. Àìná sì búra pé láéláé, ọ̀rọ̀ ikú kò ní gba ọwọ́ òun dé etí ọkọ òun mọ́. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é nílé ní Èkìtì náà nìyẹn: wọn kì í túfọ̀ fún aláìsàn. Ó di ìgbà tí ara rẹ̀ bá le.

Ara Theophilus kò le. Nígbà tó fi di oṣù kẹsàn-án ọdún 1997, wọ́n ti gbé ibùsùn rẹ̀ wá sí pálọ̀ nísàlẹ̀. Ìwé ti fẹ́rẹ̀ẹ́ parí. Ẹnì kan ṣoṣo ló ń dúró dè, Akínlóyè, ọ̀rẹ́ rẹ̀ láti ilé ẹ̀kọ́, tó ń ṣiṣẹ́ ní láíbìrì kan ní Helsinki, olú ìlú Finland. Láti ìgbà tó ti bẹ̀rẹ̀ ìwé náà, Akínlóyè ló ń fi ẹ̀dà ìwé àtijọ́ ránṣẹ́ sí i, òun náà á sì fi orí ìwé tó bá kọ tán ránṣẹ́ sí Akínlóyè. Akínlóyè ti ṣèlérí pé òun á wá ẹni tí yóò tẹ̀ ẹ́.

“Bí wọ́n bá lè tẹ̀ ẹ́ kí n tó lọ,” Theophilus wí fún ìyàwó rẹ̀, “kí n kàn gbé e dání lẹ́ẹ̀kan, ó tó.”

Lẹ́tà dé lọ́jọ́ Tuesday kan. Ọmọ́bọ́lá, ọmọbìnrin wọn tó ń ṣiṣẹ́ nílé ìkẹ́rùsí ní Bolton, wà nílé lọ́jọ́ náà. Àìná fà á wọ kíṣìnì.

“Kọ́kọ́ kà á fún mi ná. Ṣé kì í ṣe pé ẹnì kan kú?”

Ọmọ́bọ́lá ya envelope, ó ń sọ Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ di Yorùbá díẹ̀díẹ̀. “Ó ní, ‘Theo, jókòó kí o tó ka èyí. Láti ọjọ́ kìíní oṣù yìí, ẹkùn méjìlá rẹ ti tán. Ìjọba ti pa wọ́n pọ̀, ó ku mẹ́fà. Mikkeli ti lọ. Kuopio ti lọ. Kymi, Häme, Vaasa…’”

“Dákẹ́.”

“Mọ́mì, ó ku page kejì.”

“Mo ní kí o dákẹ́. Ṣé wọ́n ń ka òkú sétí aláìsàn ni?”

“Kì í ṣe èèyàn ló kú. It’s just admin, Mọ́mì.”

“Ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ló ti ń bá wọn jí, tó ń bá wọn sùn. Ìwọ ti gbàgbé orí àtẹ̀gùn ni?”

Ọmọ́bọ́lá kò gbàgbé. Ó ká lẹ́tà náà. Àìná gbà á, ó tẹ̀ ẹ́ mọ́ ìsàlẹ̀ agolo bisikíìtì tó ń kó abẹ́rẹ́ àti òwú sí, ó sì gbé ọbẹ̀ ẹja lọ fún ọkọ rẹ̀.

“Ṣé ẹni tó ń pín lẹ́tà ti kọjá?” Theophilus bi í.

“Ó ti kọjá. Bébà ìpolówó ọjà ni.”

Ojoojúmọ́ ló ń bi í, ojoojúmọ́ ló sì ń dáhùn bẹ́ẹ̀. Ọ̀sẹ̀ kan di méjì. Àìná ní kó tún kọ̀wé sí Akínlóyè, ó rò pé yóò gbà á lọ́kàn, òun á sì rọra fi lẹ́tà náà falẹ̀ kí òun tó fi ránṣẹ́. Theophilus kọ̀.

“Èmi ni mo kọ kẹ́yìn. Ìdáhùn ló kù.”

Ní oṣù kẹwàá, fóònù dún lọ́sàn-án ọjọ́ kan. Akínlóyè ni.

“Ìyàwó wa, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Ṣé Theo wà ńtòsí?”

“Ó ń sùn ni, sà.” Theophilus kò sùn. Ó ń wo fèrèsé, rédíò ń ké lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

“Ṣé ó rí lẹ́tà mi?”

Àìná rò ó pé bí òun bá ní kò rí i, yóò sọ ohun tó wà nínú rẹ̀ lórí fóònù, bí wọ́n ṣe sọ ti ìyá. “Ó rí i, sà.”

Akínlóyè ní, “Kò dáa. Ẹ sọ fún un pé mo ń retí rẹ̀.”

Kò sọ fún un. Akínlóyè kò sì pè mọ́.

Láti ìgbà náà ni Theophilus kò ti béèrè lẹ́tà mọ́. Ó ní kí wọ́n gbé ìwé rẹ̀ kúrò lórí àga, kí wọ́n gbé e lọ sókè. “Akínlóyè ti rí ọ̀rẹ́ mìíràn,” ló ń wí. “Wọ́n ti rí ìwé mi, wọ́n ní kò dáa, ojú ń tì í láti sọ fún mi.” Àìná á ní kò rí bẹ́ẹ̀, á gbé orin, á ní *Ọ̀rẹ́ tó lọ sókè odò, omi ló dá a dúró, kì í ṣe ẹsẹ̀ rẹ̀*. Ọkọ rẹ̀ á yíjú sí ògiri. Ó yọwọ́ nínú oúnjẹ. Ní ọ̀sán ọjọ́ kan nínú oṣù kọkànlá, bí Àìná ṣe ń nu ẹsẹ̀ rẹ̀ lọ́wọ́, ó mí kan, kò mí èkejì.

Akínlóyè wá sin ín. Ó ti hewú ju bí Àìná ṣe rò lọ. Nígbà tí wọ́n ti ìtẹ́ òkú dé, tí àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì ti jẹun lọ, ó jókòó sí ẹ̀gbẹ́ ibi tí ibùsùn wà, ó ń yí fìlà rẹ̀ lọ́wọ́.

“Ìyàwó wa, ẹ má bínú. Ó ń jẹ mí lọ́kàn. Kí ni mo fi ṣẹ Theo tó fi kọ̀ láti dá mi lóhùn?”

Ọmọ́bọ́lá wo ìyá rẹ̀. Àìná dìde, ó lọ tú òwú kúrò nínú agolo, ó mú lẹ́tà náà wá, ó nà án sí ọmọ rẹ̀. “Ka èyí tó kù.”

Ọmọ́bọ́lá ṣí ojú ewé kejì. “‘Ṣùgbọ́n má sunkún wọn, Theo. Ìtàn tí kò tíì parí ni àwọn tó ń tẹ̀wé ń bẹ̀rù láti tẹ̀. Ìwé rẹ ti wá ní òpin. Mo fi gbogbo orí rẹ̀ han àwọn tó ń tẹ̀wé níbí, wọ́n sì ti gbà á. Orí kan ló kù, sọ bí méjìlá ṣe di mẹ́fà. Fọwọ́ sí ìwé àdéhùn tó wà nínú èyí, kó dé kí oṣù kẹwàá tó parí. Wọ́n á fi ẹ̀dà àkọ́kọ́ ránṣẹ́ sí ọ kó tó di Kérésì.’”

Àìná ló kọ́kọ́ lanu.

“Èmi ni mo fi í pamọ́. Kò rí i. Mo rò pé òkú ló wà nínú rẹ̀.”

“Ẹ sọ fún mi lórí fóònù pé ó rí i.”

“Irọ́ ni mo pa.”

Akínlóyè wo ilẹ̀. “Wọ́n ti fún ẹlòmíì láyè rẹ̀. Nígbà tí n kò gbúròó, èmi fúnra mi ni mo ní kí wọ́n má dúró dè é mọ́.” Ó tún yí fìlà náà. “Kí ló sọ nípa mi?”

Irọ́ kan ti ṣe tán lẹ́nu Àìná, irọ́ tó dùn, pé ó ní kí wọ́n kí yín, pé orúkọ yín ló pè kẹ́yìn. Ó gbé e mì.

“Ó ní ẹ ti rí ọ̀rẹ́ mìíràn. Ó sọ ọ́ títí ó fi lọ. Èmi náà ń gbọ́ ọ, mo ń fún un lọ́bẹ̀ mu.”

Akínlóyè dìde. Ó wọ kóòtù rẹ̀, bọ́tìnnì rẹ̀ kò tètè wọlé. Ó ní kí Ọlọ́run tù wọ́n nínú, ó ṣí ilẹ̀kùn fúnra rẹ̀. Òjò ń rọ̀, ó gba ọ̀nà ibùdókọ̀ lọ láìdé fìlà.

“Mọ́mì, ṣé kí n sáré pè é padà?” Ọmọ́bọ́lá bi í.

Àìná di férémù ilẹ̀kùn mú. “Ká pè é padà,” ó ní, “ká wá sọ kí ni fún un?”