Ìyàwó Inú Fíìmù

Inú aránṣọ àgbà kan dùn dọ́ba lọ́jọ́ tí ọmọ rẹ̀, káfíńtà, gbé Onísùúrù níyàwó. Ta ni ò mọ Onísùúrù? Òṣèré ni, ipa ìyàwó ilé tó máa ń kó nínú fíìmù ló sì sọ ọ́ lórúkọ bẹ́ẹ̀. Á jí ṣáájú àkùkọ, á gbálẹ̀, á fọṣọ, á sebẹ̀, ọkọ á jágbe mọ́ ọn, òun á sì rọra dáhùn pé, "Ẹ má bínú, olówó orí mi." Màmá aránṣọ ti da omijé sórí aṣọ oníbàárà rí nítorí rẹ̀. "Irú ìyàwó tó yẹ ọmọ mi nìyẹn!" ló máa ń wí fún ẹni tó bá ń wọn aṣọ fún.

Nígbà tó wá kí wọn fún ìgbà àkọ́kọ́, oòrùn ti yọ dáadáa kó tó kan ilẹ̀kùn. Ọmọ rẹ̀ ló ṣí i, épírọ́ọ̀nù láyà, ṣíbí lọ́wọ́.

"Ìyàwó mi ńkọ́? Àbí ara ẹ̀ ò yá ni?"

"Ó ń sùn, Màmá. Iṣẹ́ àná ló rẹ̀ ẹ́."

"Ó ń sùn? Onísùúrù?"

Ẹni tí wọ́n ń wí ń hanrun ní yàrá bí ẹ̀rọ tó ń la pákó.

Màmá jókòó. Káfíńtà gbé ẹyin díndín, búrẹ́dì àti tíì gbígbóná síwájú rẹ̀. Màmá tọ́ ọ wò. Ó tún bù ú. Látọjọ́ tó ti délé ọkọ, òun ló ń gbé oúnjẹ fún gbogbo ayé. Ìdúró ló ti máa ń jẹ tiẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ààrò. Ó fẹ̀yìn ti àga, ó mí kanlẹ̀.

Bí Onísùúrù ṣe jáde nìyẹn, irun rẹ̀ rí wúruwùru.

"Yéè! Màmá mi! Ẹ káàbọ̀ o. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú, oorun ló gbé mi lọ."

Màmá wò ó tẹsẹ̀ torí, ẹ̀rín sì bú lẹ́nu rẹ̀. "O ò fi 'olówó orí mi' kún un!"

"Ọ̀rọ̀ fíìmù nìyẹn, Màmá! Tí mo bá sọ ọ́ nínú ilé yìí, ọmọ yín á ní ibà ló ń ṣe mí."

"Èmi tí mo ti sunkún ẹ títí! Jókòó, jàre. Ìwọ káfíńtà, din ẹyin sí i, èmi àti ìyàwó mi ò tíì yó!"

Nígbà tó dọ̀sán, wọ́n tan tẹlifíṣọ̀n. Onísùúrù ló tún yọ níbẹ̀, aṣọ ìdọ̀tí ga níwájú rẹ̀ bí òkè, ọkọ ń pariwo lé e lórí. Lọ́tẹ̀ yìí, Màmá ò sunkún. Ó nàka sí tẹlifíṣọ̀n.

"Ju aṣọ yẹn sílẹ̀! Ní kó wá fọ ṣòkòtò ẹ̀ fúnra ẹ̀!"

Onísùúrù rẹ́rìn-ín títí ó fi yọ̀ bọ́ lórí àga.

"Ta lẹ̀ ń bá jà níbẹ̀ yẹn?" káfíńtà ké láti ibi tó ti ń fọ abọ́.

"Ọkọ mi ni," ìyàwó rẹ̀ dáhùn, "èyí tí ò gbọ́n!"