Iṣu Ọrùn Alága

Orúkọ rere kì í wọ́n lẹ́nu Oyèbámijí, alága àwọn oníṣu ní ọjà Ìpàta. "Ikú yá ju ẹ̀sín," a máa wí bẹ́ẹ̀ títí yóò fi sú ẹni tó ń gbọ́. Òun ló ṣòfin pé ẹni tó bá jí iṣu, ọ̀rọ̀ rẹ̀ kò kan ọlọ́pàá: kí wọ́n so iṣu náà mọ́ ọn lọ́rùn, kí wọ́n fi yí ọjà ká.

Lọ́jọ́ Jímọ̀, ó rí iṣu nínú ọmọlańke Hassan aláàárù. Àmì èédú tí òun fi ń dá iṣu tirẹ̀ mọ̀ wà lára wọn.

"Wàlláhì, Alága, Màmá, ìyàwó yín, ló ní kí n mú un. Ìyàwó mi bímọ," ni Hassan wí.

Juliana ìyàwó alága wà níbi òkú ní Ọ̀mù-Àrán, fóònù rẹ̀ kò sì lọ. Oyèbámijí kò tilẹ̀ dúró dè é. Ta ni yóò fi iṣu òun tọrẹ láìgba àṣẹ lẹ́nu òun?

"Juliana tèmi? Ẹ so ó mọ́ ọn lọ́rùn!"

Ọjà hó yèè. Hassan rìn yí i ká, omi ń bọ́ lójú rẹ̀.

Ọjọ́ Àìkú ni Juliana dé. Kò tíì bọ́ bàtà tó fi béèrè pé, "Bàbá Favour, ṣé Hassan ti gbé iṣu ìsọmọlórúkọ tí mo fún un? Mo gbàgbé, n ò sọ fún yín."

Ojú ti Oyèbámijí débi pé kò lè jẹun, kò sì lè wo ojú ìyàwó rẹ̀.

Nígbà tílẹ̀ mọ́, ó jẹ́wọ́ lójú ọjà, ó sì so iṣu mọ́ ara rẹ̀ lọ́rùn. Kò tíì rìn jìnnà tí àwọn ará ọjà fi sáré yí i ká. "Háà, Alága! Kò yẹ àgbà bíi tiyín! Ẹ wo ọmọlúàbí!" Àwọn ọwọ́ tó so ti Hassan ló ń tú tirẹ̀. Ta ló bẹ̀bẹ̀ fún Hassan? Ibẹ̀ ni ìtìjú ti wá wọ̀ ọ́ lára gan-an.

Ó lọ bá Hassan nídìí ọmọlańke rẹ̀. "Jọ̀ọ́, sọ fún wọn kí wọ́n jẹ́ kí n rìn ín dópin."

"Bí ẹ bá rìn ín, Alága, wọ́n á tún yìn yín sí i ni. Ọmọ olè ni wọ́n ń pe ọmọ mi láti ọjọ́ Jímọ̀. Ọ̀la la ó sọ ọ́ lórúkọ. Ẹ bá mi sọ fún wọn kí wọ́n yé pè é bẹ́ẹ̀."

Oyèbámijí yíjú sí ọjà láti sọ ọ́. Oníkálukú ti padà sídìí ọjà rẹ̀, kò sẹ́ni tó ń gbọ́ mọ́.