Ọgọ́ta Táìsì

"Mílíọ̀nù mẹ́sàn-án ó lé díẹ̀," ni akọ̀wé báńkì náà wí.

Alátáìsì rẹ́rìn-ín músẹ́. Ó rò pé fáìlì ẹlòmíràn ni obìnrin náà ṣí.

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún un wò, màdáámú. Mílíọ̀nù mẹ́wàá la yá lọ́wọ́ yín fi ra ilé. Ọdún mẹ́jọ rèé tí a ti ń san án, oṣù kan ò sì yẹ̀ rí."

"Mo rí i, sà. Kò yẹ̀ lóòótọ́." Akọ̀wé náà lè má tíì pé ọmọ ọgbọ̀n ọdún. Ó ń rọra sọ̀rọ̀, pẹ̀lú ohùn ẹni tó ti sọ irú rẹ̀ fún ọ̀pọ̀ èèyàn. "Ṣùgbọ́n iye tó kù nìyẹn."

Alátáìsì ni gbogbo àdúgbò ń pè é, torí iṣẹ́ táìsì títẹ́ ló ń ṣe láti ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n. Ojú lásán ló fi ń wo ilẹ̀ yàrá tí yóò sọ iye táìsì tó máa gbà, àwọn tó ń tà á kì í sì í bá a jiyàn mọ́. Ẹni tó mọ nǹkan kà dáadáa ni, ìyẹn ni ọkàn rẹ̀ ò fi tíì já. Ó ti ṣírò tirẹ̀ láti ilé: ogún ọdún ni àdéhùn, mẹ́jọ ti lọ, méjìlá ló kù. Nínú mílíọ̀nù mẹ́wàá, mẹ́fà ló yẹ kó kù.

Orúnkún rẹ̀ ló lé e wá sí báńkì lọ́jọ́ náà. Lóṣù tó kọjá ni dókítà sọ fún un pé eegun orúnkún ọ̀tún ti jẹ, pé bó bá ń kúnlẹ̀ lé e báyìí fún ọdún méjì sí i, ọ̀pá ni yóò máa fi rìn. Kò tíì sọ fún ìyàwó rẹ̀. Báwo ni yóò ṣe sọ ọ́? Ta ló ń tẹ́ táìsì lóòró? Ó kàn fẹ́ kí báńkì bá òun dín owó oṣooṣù kù, kí òun lè wá iṣẹ́ míì tó fúyẹ́ ṣe, kí ilé má bàa bọ́ lọ́wọ́ wọn.

Akọ̀wé náà tẹ ìwé gígùn kan jáde nínú ẹ̀rọ, ó tẹ́ ẹ sórí tábìlì láàárín àwọn méjèèjì. Ìlà oṣù kan tẹ̀lé òmíràn lójú ìwé náà.

"Ẹ wo ibí, sà. Ẹgbẹ̀rún lọ́nà mẹ́rìnléláàádọ́jọ lẹ̀ ń san lóṣooṣù. Lóṣù àkọ́kọ́, àádọ́jọ ẹgbẹ̀rún nínú ẹ̀ lọ fún èlé. Ẹgbẹ̀rún mẹ́rin tó ṣẹ́kù ló kan ojú owó tẹ́ ẹ yá."

"Ẹgbẹ̀rún mẹ́rin?"

"Àti ọ̀ọ́dúnrún ó lé."

Alátáìsì rántí oṣù àkọ́kọ́ yẹn. Òun àti ìyàwó rẹ̀ jọ wá san án ni, wọ́n wọ aṣọ tó dáa, wọ́n sì ní kí ọlọ́dẹ ẹnu ọ̀nà ya fọ́tò wọn níwájú báńkì. Fọ́tò náà ṣì wà lára ògiri pálọ̀. Ẹgbẹ̀rún mẹ́rin ni wọ́n ń bá yọ̀ lọ́jọ́ náà.

"Oṣù tó kọjá ńkọ́?"

"Ó ti sàn díẹ̀. Ẹgbẹ̀rún méjìdínlógún ló kan ojú owó. Ìyókù, èlé ni." Ó fi bírò tọ́ka sí i kó má bàa ṣì í wò.

"Èló la ti wá san lápapọ̀?"

"Ó kù díẹ̀ kó pé mílíọ̀nù mẹ́ẹ̀ẹ́dógún."

"Tí a bá wá san án dé ìparí?"

"Mílíọ̀nù mẹ́tàdínlógójì, sà."

Ọwọ́ Alátáìsì wá orúnkún rẹ̀ lọ lábẹ́ tábìlì, ó sì dì í mú. "Ta ló fọwọ́ sí irú nǹkan báyìí?"

Akọ̀wé náà ṣí fáìlì sí ojú ìwé kejì, ó sì yí i sí Alátáìsì. Ìbuwọ́lù Alátáìsì fúnra rẹ̀ ló wà níbẹ̀, gàgàrà, ó tún fi ìlà sábẹ́ ẹ̀. Iye owó tí wọn yóò san lápapọ̀ wà lókè rẹ̀ gan-an. Lọ́jọ́ tó ń buwọ́ lù ú, ìbéèrè kan ṣoṣo ni òun àti ìyàwó rẹ̀ bi ara wọn: ṣé agbára wa á ká ti oṣooṣù?

"Ẹ má jẹ́ kó kó yín lọ́kàn sókè, sà," ni akọ̀wé náà wí, ó sì mú ìwé mìíràn jáde. "A lè bá yín dín in kù. A ó tún gbèsè tó kù pín sí ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n. Lóṣooṣù, á fi ẹgbẹ̀rún mẹ́rìndínlógún dín."

Ẹgbẹ̀rún mẹ́rìndínlógún. Ara tu Alátáìsì. Ohun tó tìtorí ẹ̀ kúrò nílé nìyí, ó ti rí i. Á lọ sílé, á jókòó jẹun, kò ní sí ẹni tó máa béèrè ohunkóhun. Ó gba bírò. Bírò ti kan ìwé kó tó dá ọwọ́ dúró, òun fúnra rẹ̀ ò sì mọ ohun tó dá a dúró.

"Èyí náà," ó ní, "èló ló máa jẹ́ lápapọ̀?"

Akọ̀wé náà wo ilẹ̀kùn ọ́fíìsì ọ̀gá rẹ̀. Ó rẹ ohùn rẹ̀ sílẹ̀. "Láti òní lọ, mílíọ̀nù mọ́kànlélógójì. Bẹ́ ẹ bá dúró lórí tàtijọ́, méjìlélógún ló kù fún yín láti san."

Ẹni ọdún mọ́kàndínláàádọ́ta ni. Tó bá buwọ́ lù ú, ẹni ọdún mẹ́rìnléláàádọ́rin ni yóò jẹ́ kó tó bọ́. Ó rí ara rẹ̀ lójú ọkàn, arúgbó lórí ìkúnlẹ̀, pẹ̀lú báńkì lórí rẹ̀.

"Títí di ọjọ́ Ẹtì la fún yín," ni akọ̀wé náà wí sókè, bóyá nítorí ọ̀gá rẹ̀. Lẹ́yìn náà ló tún rẹ ohùn sílẹ̀. "Tẹ́ ẹ bá lówó kan lọ́wọ́, bó ti wù kó kéré mọ, ẹ mú un wá. Ṣùgbọ́n ẹ kọ lẹ́tà mọ́ ọn pé ojú owó ni kó lọ. Tí ò bá sí lẹ́tà, á kàn jókòó de owó oṣù tó ń bọ̀ ni. Ọgọ́rùn-ún ẹgbẹ̀rún péré lónìí, ó lé ní oṣù márùn-ún tó máa gé kúrò níparí."

Alátáìsì dúpẹ́. Ó ká ìwé náà sápò láìbuwọ́ lù ú, ó sì jáde.

Ó rìn lọ sílé, bó tilẹ̀ jẹ́ pé orúnkún ń ta á. Ní gbogbo ọ̀nà ló ń wo ilé onílé, tó ń bi ara rẹ̀ pé ta ló ni èyí, ta ló ni tọ̀hún. Nígbà tó ṣílẹ̀kùn tirẹ̀, kò lè wọlé lójú ẹsẹ̀. Ilẹ̀ pálọ̀ ń dán níwájú rẹ̀, ó sì dúró lẹ́nu ọ̀nà bí àlejò tí wọn ò tíì ní kó wọlé.

Sìmẹ́ńtì lásán ni wọ́n bá nílẹ̀ ilé náà nígbà tí wọ́n kó wọbẹ̀. Òun ló dá a lábàá pé àwọn ò ní tẹ́ táìsì síbi tí àwọn ò tíì sanwó ẹ̀. Ẹgbẹ̀ta táìsì ni ilẹ̀ ilé náà yóò gbà látòkèdélẹ̀, ogún ọdún sì ni gbèsè. Ìyàwó rẹ̀ ló pín in: ọgbọ̀n táìsì lọ́dún kan. Bí wọ́n bá ti san owó oṣù kejìlá, Alátáìsì á kúnlẹ̀ lópin ọ̀sẹ̀, á tẹ́ ọgbọ̀n tuntun, ìyàwó rẹ̀ á se oúnjẹ tó dùn, wọ́n á sì jókòó sórí ẹ̀ jẹ ẹ́. Ilé ìdáná ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀. Balùwẹ̀ tẹ̀lé e, lẹ́yìn náà pálọ̀. Òjìlérúgba táìsì ló ti wà nílẹ̀ báyìí, gbogbo ilé ló sì gbà pé tiwọn ni.

Yàrá ọmọ wọn obìnrin ló kàn lọ́dún yìí. Ọgọ́ta táìsì ni yàrá náà gbà, iṣẹ́ ọdún méjì, ṣùgbọ́n Alátáìsì ti ra gbogbo ọgọ́ta náà lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Páálí márùn-ún ló wà lára ògiri, ẹnìkan ò tíì tú u. Ó sọ fún ìyàwó rẹ̀ pé wọ́n dín in fún òun ni. Irọ́ ni. Ẹ̀rù ló ń bà á pé bó bá di ọdún tó ń bọ̀, òun lè má lè kúnlẹ̀ mọ́.

"Kí lẹ dúró ṣe síbẹ̀?" ni ìyàwó rẹ̀ bi í láti ilé ìdáná. Olùkọ́ ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ni, ó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ni, ìyẹ̀fun ṣọ́ọ̀kì ṣì wà lápá aṣọ rẹ̀. Nígbà tó rí ojú ọkọ rẹ̀, ó gbé ìkòkò kúrò lórí iná. "Bàbá Àbíkẹ́yìn, ta ló kú?"

"Kò sẹ́ni tó kú. Jókòó, Tíṣà."

Ó sọ ọ́ fún un. Kò mọ bí a ti ń sọ irú ẹ̀, ó kàn ń sọ iye rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, ó sì tẹ́ ìwé méjèèjì síwájú rẹ̀. Ìyàwó rẹ̀ fa ìwé ọmọ iléèwé kan yọ nínú báàgì, ó ṣí i sẹ́yìn, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ṣírò. Ó ṣe é lẹ́ẹ̀kan, ó tún un ṣe. Lẹ́yìn náà ló fi bírò sílẹ̀.

"Láàárọ̀ yìí ni mo kọ́ ogójì ọmọ ní ìsọdipúpọ̀," ó ní. "Mo na ẹni tí ò mọ̀ ọ́n lọ́rẹ́. Èmi fúnra mi ò sọ ọ́ di púpọ̀ rí, láti ọdún mẹ́jọ. Ọdún ni mo pín, mi ò pín owó." "Lẹ́tà tí wọ́n ń fi ránṣẹ́ lọ́dọọdún ńkọ́?"

"Inú dúrọ́ọ̀ ni mò ń kó o sí. Mo rò pé wọ́n ń kí wa ni."

Ẹ̀rín fẹ́ẹ́ pa obìnrin náà, ṣùgbọ́n kò jáde. Ó wo ilẹ̀ lábẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀.

"Tòótọ́ tòótọ́, mélòó ló jẹ́ tiwa nínú ẹ̀?"

"Wọ́n ní ohun tó kan ojú owó ò pé mílíọ̀nù kan. Ẹgbẹ̀rún lọ́nà ẹ̀ẹ́dégbẹ̀rún ó lé díẹ̀."

Ìyàwó rẹ̀ tún ṣírò. "Táìsì márùndínlọ́gọ́ta. Nínú ẹgbẹ̀ta."

Alátáìsì dìde, ó lọ sí ìpẹ̀kun ilé ìdáná, lábẹ́ fèrèsé, níbi tó ti tẹ́ àkọ́kọ́ pàá. Ó fẹ́ fojú ara rẹ̀ rí i. Ó kúnlẹ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í fọwọ́ kà wọ́n bó ti máa ń ṣe níbi iṣẹ́, ọ̀kan tẹ̀lé èkejì. Nígbà tó dé ogún, orúnkún náà yẹ̀. Ó fi ọwọ́ méjèèjì tẹlẹ̀, òógùn bò ó lójú, kò sì lè dìde.

"Láti ìgbà wo?" ni ìyàwó rẹ̀ bi í.

Ó tún fọwọ́ tẹlẹ̀, ó fẹ́ dìde.

"Mo ní láti ìgbà wo?"

"Dókítà ní kí n má kúnlẹ̀ mọ́." Ó ń wo táìsì bó ṣe ń sọ ọ́. "Ẹ̀rù ń bà mí, Tíṣà. Láti oṣù tó kọjá, ẹ̀rù ò jẹ́ kí n sùn. Tí mi ò bá lè kúnlẹ̀, kí ni n ó fi san án? Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ buwọ́ lù ú lónìí, kí n má bàa sọ ọ́ fún ẹ."

Obìnrin náà ki ọwọ́ bọ ọkọ rẹ̀ lábíyá, ó gbé e dìde, ó fi í jókòó sórí àga. Kò bá a jà. Òun ló wá kúnlẹ̀, ó ń bá kíkà náà lọ láti ogún tí ọkọ rẹ̀ kà dé. Nígbà tó dé márùndínlọ́gọ́ta, ó mú ṣọ́ọ̀kì lápò, ó fa ìlà. Ìlà náà wà níwájú sítóòfù. Táìsì márùn-ún ló kù kó kan ẹnu ọ̀nà, ilé ìdáná gan-an ò tíì jẹ́ tiwọn tán.

Bí wọ́n ṣe wà nìyẹn nígbà tí Àbíkẹ́yìn ti iléèwé dé. Ọmọ ọdún mẹ́tàlá ni. Ó kí wọn, ó wo ìyá rẹ̀ nílẹ̀, ó wo páálí márùn-ún lára ògiri.

"Dádì, ṣé lópin ọ̀sẹ̀ yìí lẹ máa ṣe yàrá mi?"

Bàbá wo ìyá. Ìyá ò yọ ojú kúrò lára ìlà ṣọ́ọ̀kì náà.

"Èló lẹ ra àwọn páálí yẹn?" ó bi ọkọ rẹ̀.

"Ẹgbẹ̀rún lọ́nà ọgọ́fà, gbogbo ẹ̀."

"Ẹni tó tà á fún yín, ṣé á gbà á padà?"

"Wọn ò tíì tú u. Á gbà á. Oníbàárà rẹ̀ ni mí tipẹ́." Ohun tí akọ̀wé náà sọ ṣẹ̀ṣẹ̀ wá ń wọ̀ ọ́ létí ni. "Ó ní ọgọ́rùn-ún ẹgbẹ̀rún máa gé ju oṣù márùn-ún lọ níparí. Ó ní ká kọ lẹ́tà mọ́ ọn."

Tíṣà tún ṣírò, ó sì gbé ojú sókè. "Á ju oṣù mẹ́fà lọ. Oṣù mẹ́fà tẹ́ ẹ ò ní kúnlẹ̀ nítorí ẹ̀." Ó yíjú sí ọmọ. "Sìmẹ́ńtì ni yàrá rẹ á ṣì jẹ́, ọmọ mi. Ó lè pẹ́ o. A ṣe àṣìṣe kan, mo máa jókòó ṣàlàyé ẹ̀ fún ẹ, torí mi ò fẹ́ kí ìwọ náà ṣe é."

Ojú ọmọ náà fà ro. Ó wá dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ ìyá rẹ̀. "Ìlà wo nìyí?"

"Ibi tá a sanwó ẹ̀ dé ni."

"Tá a bá wá fi owó páálí yẹn san sí i ńkọ́?"

"Táìsì méje sí i."

Àbíkẹ́yìn fẹsẹ̀ kà á láti ìlà náà lọ. Márùn-ún mú un dé ẹnu ọ̀nà, méjì tó kù gbé e bọ́ sí pálọ̀. Ibẹ̀ ló dúró sí, ó yíjú padà wò wọ́n.

"Ilé ìdáná á wá pé nìyẹn," ó ní.

Alátáìsì yí ìwé báńkì tí kò buwọ́ lù náà dé ẹ̀yìn, ó sì gba bírò lọ́wọ́ ìyàwó rẹ̀. Ẹ̀rù ṣì ń bà á. Ó kọ ọ́ gàgàrà pé ojú owó ni kí wọ́n fi owó yìí san. Lẹ́yìn náà ló gbìyànjú láti dìde lọ gbé páálí àkọ́kọ́.

"Ẹ jókòó," ni ìyàwó rẹ̀ wí, òun àti ọmọ sì jọ gbé e.